Ǹjẹ́ Ojo ni Ẹni tí Ó Yí Padà?

Àwọn baba wa a máa sọ pé ikú yá ju ẹ̀sín lọ. Láti ìgbà èwe mi ni mo ti ń gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí, mo sì ti fi ẹnu ara mi sọ ọ́ fún ọ̀pọ̀lọpọ̀ ọmọ ilé-ìwé nínú ọdún márùndínlógójì tí mo fi ṣe iṣẹ́ olùkọ́. Nísinsìnyí tí mo ti fẹ̀yìn tì, tí mo sì ní àyè láti tún ohun tí mo fi kọ́ àwọn ẹlòmíràn rò, mo fẹ́ kí èmi àti ìwọ, ọ̀dọ́ tí o ń ka ìwé yìí, jọ yẹ òwe náà wò. Irú ẹ̀sín wo ni ó burú ju ikú lọ? Bí àwọn ẹgbẹ́ rẹ bá fi ọ́ ṣe ẹlẹ́yà nítorí pé o kọ̀ láti bá wọn dé ibi tí wọ́n ń lọ, ṣé irú ẹ̀sín bẹ́ẹ̀ ni àwọn baba wa ní lọ́kàn?

Ibi tí n ó mú ọ lọ kí a lè rí ìdáhùn jìnnà sí ilé. Ó wà ní ìlà-oòrùn ilẹ̀ Mẹ́síkò, níbi tí a ń pè ní Yucatán. Ilẹ̀ pẹrẹsẹ ni, odò kò sì wọ́pọ̀ lójú ilẹ̀ níbẹ̀, nítorí pé àpáta ẹfun ni abẹ́ rẹ̀. Omi òjò a máa jẹ irú àpáta bẹ́ẹ̀ díẹ̀díẹ̀, títí yóò fi di ihò. Ní ayé àtijọ́, nígbà tí yìnyín bo ibi púpọ̀ ní ayé, omi òkun lọ sílẹ̀ ju 100 mítà lọ, àwọn ihò náà sì gbẹ. Nígbà náà ni omi tí ń kán láti àjà wọn fi òkúta ṣe ọ̀wọ̀n oríṣiríṣi sínú wọn. Àwọn kan rọ̀ wálẹ̀ bí ọmú ewúrẹ́, àwọn mìíràn dúró ṣánṣán bí òpó ààfin. Nígbà tí yìnyín yọ́, òkun tún ga, omi sì kún inú wọn dé àjà. Níbi tí àjà irú ihò bẹ́ẹ̀ bá wó sí, omi mímọ́ gaara yóò hàn sí gbangba. Èyí ni wọ́n ń pè ní cenote, ọ̀rọ̀ tí àwọn ará Spéìn yá lọ́wọ́ àwọn Maya tí ó ni ilẹ̀ náà. Ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2018, àwọn olùwádìí kéde pé ihò méjì tí a ti rò pé ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n, Sac Actun àti Dos Ojos, jẹ́ ọ̀kan ṣoṣo, àti pé ọ̀nà abẹ́ omi tí wọ́n ti wọ̀n nínú rẹ̀ tó 347 kìlómítà. Ó gùn ju ọ̀nà Èkó sí Ìlọrin lọ.

Nínú ihò ńlá yìí ni àwọn òmòòkùn, èyíinì ni àwọn tí í wẹ̀ lábẹ́ omi, ti rí egungun ọmọbìnrin kan ní ọdún 2007. Àwọn onímọ̀ sọ pé ó ti kú láti nǹkan bí 12,000 sí 13,000 ọdún sẹ́yìn, nígbà tí ihò ṣì gbẹ, àti pé ọmọ ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tàbí mẹ́rìndínlógún ni. Ó jọ pé ó ń rìn nínú òkùnkùn ni, ó sì jìn sí kòtò. Ẹgbẹ́ rẹ ni.

Lónìí àwọn ènìyàn ń ti ilẹ̀ gbogbo wá láti mòòkùn níbẹ̀, pẹ̀lú àgbá irin tí a rọ afẹ́fẹ́ sí lẹ́yìn wọn. Kì í ṣe ẹni tí ó bá ṣáà ti fẹ́ ni a ń gbà láàyè. Ẹni tí yóò wọ inú ihò gbọ́dọ̀ ní ìwé ẹ̀rí pé ó ti kọ́ mímòòkùn, afinimọ̀nà tí ó ti kọ́ ti inú ihò gan-an ni yóò sì ṣáájú rẹ̀. Afinimọ̀nà kan kò gbọdọ̀ kó ju ènìyàn mẹ́rin lọ, kò sì gbọdọ̀ mú wọn kọjá ibi tí wọ́n ti lè fojú rí ìmọ́lẹ̀ ẹnu ihò.

Bóyá ìwọ yóò bi mí pé, bí ènìyàn bá ti ní ìwé ẹ̀rí, èéṣe tí a tún fi ààlà sí ìrìn rẹ̀? Ìdí rẹ̀ ni pé inú òkun gbalasa ni ó ti kọ́ ohun tí ó kọ́. Nínú òkun, bí wàhálà bá dé, òkè ni ìgbàlà wà. Nínú ihò, àpáta ni ó wà lókè. Ẹni tí ó bá fẹ́ gòkè gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ gba ọ̀nà tí ó gbà wọlé padà. Bí ó bá sì fi ẹsẹ̀ ru ẹrẹ̀ tí ó ti fara balẹ̀ nísàlẹ̀ ihò, omi tí ó mọ́ bí gíláàsì yóò dàrú lójijì, kò ní rí ọwọ́ ara rẹ̀ mọ́. Okùn tí a nà láti ẹnu ihò wọ inú ni yóò máa fọwọ́ tọ̀ jáde.

Níbi tí ìmọ́lẹ̀ ti fẹ́ pin, wọ́n gbé pátákó kan kalẹ̀ lábẹ́ omi. Wọ́n ya àwòrán Ikú sí i, agbárí lásán nínú aṣọ gígùn, pẹ̀lú dòjé lọ́wọ́. Pátákó náà kìlọ̀ pé kí ẹni tí kò kọ́ ti inú ihò má kọjá ibẹ̀, pé kò sí ohun kan nínú ihò tí ó tó kí ènìyàn kú fún, àti pé àwọn tí í kọ́ ẹlòmíràn ní mímòòkùn wà lára àwọn tí ó ti kú. Èyí gún mi lọ́kàn, nítorí olùkọ́ ni èmi náà. Ìwé ẹ̀rí tí mo gbà ní ilé ẹ̀kọ́ àwọn olùkọ́ni sọ ohun tí mo mọ̀. Kò sọ ohun tí n kò mọ̀, ó sì pẹ́ kí n tó fi ojú ara mi rí ìyàtọ̀ náà.

Ẹni tí ó jìn sí kòtò kọ́ ará yòókù lọ́gbọ́n. Inú ikú ni a ti rí àwọn òfin tí àwọn òmòòkùn ihò ń tẹ̀ lé. Olùkọ́ ìṣirò kan ní Florida, ní ilẹ̀ Amẹ́ríkà, tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Sheck Exley, ni ó jókòó ti ìtàn àwọn tí ó kú sínú ihò, tí ó ń béèrè nípa wọn pé kí ni ì bá gbà wọ́n là. Ó tẹ ìwé kékeré kan jáde lórí rẹ̀ ní ọdún 1979.

Nínú àwọn òfin náà, ọ̀kan wà tí ó wù mí jù. Ọ̀nà mẹ́ta ni wọ́n ń pín afẹ́fẹ́ inú àgbá sí. Ìdá kan ni ti àlọ, ìdá kan ni ti àbọ̀. Ìdá kẹta ńkọ́? Ti ẹnì kejì rẹ ni. Bí àgbá rẹ̀ bá bàjẹ́ níbi tí ẹ jìnnà sí ẹnu ihò jù lọ, ohun tí ó kù nínú tìrẹ gbọ́dọ̀ tó láti mú ẹ̀yin méjèèjì jáde. Nítorí náà, ẹni tí ó bá bu díẹ̀ jẹ nínú ìdá yìí nítorí pé ó fẹ́ rí ọ̀wọ̀n kan sí i níwájú, ẹ̀mí ẹlòmíràn ni ó ń ná. Tún wò ó: wọn kì í fi ẹni tí afẹ́fẹ́ rẹ̀ pọ̀ jù ṣe ìwọ̀n. Ẹni tí ó bá kọ́kọ́ lo ìdá kan tán ni gbogbo wọn ń tẹ̀ lé. Bí ó ti yí padà, gbogbo wọn yí padà. Omi sì ní ìṣirò tirẹ̀. Ní 10 mítà nísàlẹ̀, afẹ́fẹ́ tí ènìyàn ń lò a di ìlọ́po méjì èyí tí ì bá lò lójú omi. Ní 20 mítà, a di ìlọ́po mẹ́ta. Ẹni tí ẹ̀rù bá sì ń bà, tí ó ń mí hẹlẹhẹlẹ, tirẹ̀ a tún yára tán jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹ̀rù rẹ̀ kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìtìjú níbẹ̀; iye kan ni nínú ìṣirò.

Òfin kan tún wà tí kò ní ìṣirò nínú. Ẹnikẹ́ni nínú wọn, ìbáà jẹ́ ẹni tí ó kéré jù, lè na àtàǹpàkò rẹ̀ sókè nígbàkigbà. Lójú ilẹ̀, ohun tí èyí ń sọ ni pé nǹkan dára. Lábẹ́ omi, ó ń sọ pé ìrìn parí, ẹ jẹ́ kí a padà. Ẹnì kan kò gbọdọ̀ bá a jiyàn, ẹnì kan kò sì gbọdọ̀ fi ìdí rẹ̀ dà á láàmú, ìbáà jẹ́ nísàlẹ̀ omi tàbí lẹ́yìn tí wọ́n bá jáde tán.

Ọ̀kan nínú àwọn ọmọ tí mo kọ́, tí ó ti lé ní àádọ́ta ọdún báyìí, tí ó sì ń gbé ní Amẹ́ríkà, ni ó kọ́kọ́ sọ̀rọ̀ ibẹ̀ fún mi. Ó ti gba ìwé ẹ̀rí, ó sanwó, òun àti àwọn méjì mìíràn sì tẹ̀ lé afinimọ̀nà wọ inú cenote kan. Wọn kò tíì rìn jìnnà tí àyà rẹ̀ fi bẹ̀rẹ̀ sí í lù kì kì kì. Àgbá rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ kún, iná tọ́ọ̀ṣì rẹ̀ ń tàn, kò sí ohun tí ó ṣe é. Ó ṣáà mọ̀ pé òun kò gbọdọ̀ tẹ̀síwájú. Ó na àtàǹpàkò. Lójú ẹsẹ̀ ni afinimọ̀nà yí gbogbo wọn padà, ìrìn tí àwọn méjì yòókù náà sanwó fún sì parí síbẹ̀. Nígbà tí wọ́n jáde, ẹnikẹ́ni kò mẹ́nu kàn án; omi mímu ni wọ́n gbé fún un. Lálẹ́ ọjọ́ náà ni ó pè mí lórí tẹlifóònù. Ó ní, “Ọ̀gá, mo ń retí kí ẹnì kan pè mí ní ojo, kò sí ẹni tí ó pè mí bẹ́ẹ̀. Ọjọ́ odò yẹn ni mo rántí, sà.”

N ó sọ ọ̀rọ̀ ọjọ́ odò náà fún ọ, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé kò bu ọlá fún mi. Ọ̀dọ́ olùkọ́ ni mí nígbà náà, ní ilé-ìwé kan tí n kò ní dárúkọ. Mo kó àwọn ọmọ kíláàsì mi lọ wo ewéko nínú igbó. Nígbà tí a ń bọ̀, odò tí a fi ẹsẹ̀ là kọjá ní òwúrọ̀ ti kún, ìtì igi kan ṣoṣo ni ó sì dábùú rẹ̀. Gbogbo wa kọjá, ó ku ọmọkùnrin kan. Ó ní igi náà ń yọ̀, kí n jọ̀wọ́ jẹ́ kí òun gba ọ̀nà afárá, bí ó tilẹ̀ jìn. Mo sọ fún un níwájú gbogbo ẹgbẹ́ rẹ̀ pé àwọn ọmọbìnrin pàápàá ti kọjá. Mo sì pa òwe náà fún un, pé ikú yá ju ẹ̀sín lọ. Àwọn yòókù rẹ́rìn-ín. Ẹni tí ó pè mí láti Amẹ́ríkà wà lára àwọn tí ẹ̀rín wọn ròkè jù. Ọmọ náà gun igi. Nígbà tí ó dé àárín, ẹsẹ̀ rẹ̀ yọ̀. Àgbẹ̀ kan tí ó ń bọ̀ láti oko ni ó fà á yọ nísàlẹ̀ odò. Kò kú, ṣùgbọ́n apá rẹ̀ ti ṣẹ́ ní ọ̀nà méjì.

Mo sọ fún àwọn òbí rẹ̀ pé èèṣì ni. Ohun tí kò jẹ́ kí n gbàgbé ni pé, nínú gbogbo wa, ọmọ náà nìkan ni ó wo igi náà dáadáa.

Má ṣe rò pé ohun tí mo ń wí ni pé kí ènìyàn jókòó sílé. Ẹni tí yóò jẹ oyin inú àpáta kì í wo ẹnu àáké. Òwe àwọn baba wa ni ìyẹn pẹ̀lú. Èmi pàápàá ti sọ rí pé asán ni kí ènìyàn máa fi ẹ̀mí ṣeré nínú ihò, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ àwọn ọmọ Thailand yí ọkàn mi padà. Ní ọjọ́ 23 oṣù kẹfà ọdún 2018, ọmọkùnrin 12 àti olùkọ́ bọ́ọ̀lù wọn wọ ihò Tham Luang, omi òjò sì sé wọn mọ́ ibẹ̀. Ní ọjọ́ 2 oṣù keje, ọkùnrin méjì láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì mòòkùn dé ọ̀dọ̀ wọn, wọ́n sì bá gbogbo wọn láàyè. Ọ̀kan nínú wọn jẹ́ panápaná tí ó ti fẹ̀yìn tì. Fún ìgbádùn ara wọn ni àwọn méjèèjì ti ń mòòkùn nínú ihò láti ọdún pípẹ́. Nígbà tí yóò fi di ọjọ́ 10 oṣù náà, gbogbo àwọn ọmọ náà àti olùkọ́ wọn ti jáde. Saman Kunan, tí ó ti ṣe ọmọ ogun ojú omi Thailand rí, kò jáde láàyè. Ó kú ní ọjọ́ 6, lẹ́yìn tí ó ti gbé àgbá afẹ́fẹ́ lọ sínú ihò náà nítorí wọn. Ọ̀rọ̀ pátákó Mẹ́síkò jẹ́ òótọ́ bí ó bá jẹ́ ọ̀wọ̀n òkúta ni ó wà níwájú. Ọmọ ènìyàn ni Saman Kunan wọlé fún.

Ó ku ọ̀rọ̀ afinimọ̀nà. Ọ̀pọ̀ nínú wa rò pé bí a bá ti ní aṣíwájú, a ti bọ́ lọ́wọ́ ìrònú. Afinimọ̀nà rere a máa bojú wẹ̀yìn wo àwọn tí ó ń tẹ̀ lé e, ṣùgbọ́n kò lè bá wọn mí. Ẹni tí ó mọ ọ̀nà jù pàápàá lè ṣìnà: Exley tí mo dárúkọ lẹ́ẹ̀kan kú ní oṣù kẹrin ọdún 1994, ní ẹni ọdún 45, ní Zacatón ní ilẹ̀ Mẹ́síkò, níbi tí ó ti ń wá ìsàlẹ̀ omi kan tí ó jìn ju 300 mítà lọ. Bí afinimọ̀nà bá ní kí o kọjá pátákó nítorí pé òun mọ ibẹ̀, tí ibi sì ṣẹlẹ̀, ọ̀dọ̀ ta ni ẹ̀bi wà? Èmi wí pé ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni ó pọ̀ sí, nítorí òun ni ó mọ̀. Ṣùgbọ́n ìwọ náà ní àtàǹpàkò. Ní ọjọ́ odò, èmi ni afinimọ̀nà. Ọmọ náà na àtàǹpàkò tirẹ̀. Èmi ni mo fi ẹ̀rín ká a kò.

Àwọn baba wa kò purọ́. Ẹ̀sín tí wọ́n ní ó burú ju ikú lọ ni ti ẹni tí ó jalè, ti ẹni tí ó da ọ̀rẹ́ rẹ̀, ti ẹni tí ó jẹ ìdá kẹta tí í ṣe ti ẹnì kejì. Èmi ni mo mú òwe náà lọ síbi tí kì í ṣe ilé rẹ̀.

Lẹ́yìn ìpè láti Amẹ́ríkà náà, mo wá ẹni tí ó ṣubú sódò náà lọ. Ó ti ní aya àti ọmọ, iṣẹ́ káfíńtà ni ó sì ń ṣe. Ó dọ̀bálẹ̀ kí mi, bẹ́ẹ̀ èmi ni ó yẹ kí n dọ̀bálẹ̀ fún un. Mo sọ ohun tí mo wá sọ. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní, “Ọ̀gá, ẹ má da ara yín láàmú, ó ti pẹ́.” Ó bu omi wá fún mi. Bí ó ti na ife náà sí mi, mo rí i pé ìgbọ̀nwọ́ apá náà kò tọ́ tán.