Kọ́kọ́rọ́ Èké àti Ẹrù Ẹlòmíràn

Ìbéèrè kan wà tí a sábà máa ń gbọ́ lẹ́nu ẹni tí ó fi kọ́kọ́rọ́ ayédèrú ṣí Windows tàbí Office sórí kọ̀ǹpútà rẹ̀: "Ta ni mo jà lólè?" Ó ní Microsoft lówó, kò sì sí ohun tí ó dín nínú àpò wọn. Èmi kò ní gbèjà olówó. Iye tí wọ́n ń ta ọjà wọn kò kéré. Olè ṣì ni lójú tèmi, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a fi ìyẹn sílẹ̀ ná, kí a wo orí ẹni tí ewu náà wà.

Microsoft ṣe ètò kan tí ń jẹ́ KMS fún àwọn ilé-iṣẹ́ ńláńlá. Kọ̀ǹpútà kan níbẹ̀ ni yóò máa jẹ́rìí fún àwọn yòókù, ẹ̀rí náà a sì máa tán lẹ́yìn ọjọ́ 180 bí a kò bá sọ ọ́ di ọ̀tun. Irinṣẹ́ bíi KMSPico a máa jókòó sínú kọ̀ǹpútà yín bí ẹlẹ́rìí èké. Kí ó tó wọlé, wọn a ní kí ẹ kọ́kọ́ pa antivirus, ìyẹn ọlọ́dẹ tí ń ṣọ́ ilé. Bí ògiri kò bá lanu, aláǹgbá kò lè wọ ibẹ̀. Ní oṣù Kejìlá ọdún 2021, ilé-iṣẹ́ Red Canary kéde pé àwọn kan ń fi KMSPico gbé Cryptbot wọ kọ̀ǹpútà àwọn ènìyàn. Windows ṣí lóòótọ́, kò sí ẹni tí ó fura. Lẹ́yìn náà ni Cryptbot ń kó ọ̀rọ̀ ìwọlé àti nọ́ńbà káàdì lọ.

Ẹni tí ó fi ohun tirẹ̀ ta tẹ́tẹ́, òun ni yóò sunkún rẹ̀. Ṣùgbọ́n ta ni ó wà nínú kọ̀ǹpútà yẹn? Ìyàwó fi í wo owó rẹ̀ ní báńkì. Bí onílé bá jẹ́ akọ̀wé ẹgbẹ́, àdírẹ́sì gbogbo ọmọ ẹgbẹ́ wà níbẹ̀, pẹ̀lú iye tí olúkúlùkù dá sí àjọ. A kò bi ẹnikẹ́ni nínú wọn.

Bí owó kò bá sí, LibreOffice wà lọ́fẹ̀ẹ́, àwọn tí ó ṣe é ni wọ́n fi àṣẹ sí i. Ẹni tí ó bá sì ti ṣe é ní láti lo kọ̀ǹpútà mìíràn láti pààrọ̀ àwọn ọ̀rọ̀ ìwọlé rẹ̀, kí ó sì nu ti àkọ́kọ́ mọ́ pátápátá. Èyí tí ó le jù ni pé kí ó sọ fún àwọn tí orúkọ wọn wà níbẹ̀, kí àwọn náà lè tètè lọ wo àkáǹtì wọn.