Ẹni Tó Ń Wò Ó àti Ẹni Tó Bí I

Wèrè dùn ún wò, kò ṣeé bí lọ́mọ. Òwe yìí kò ní kọ́lọ́fín tó bẹ́ẹ̀. Ọmọ tó bá ti gbọ́n díẹ̀ ti gbọ́ ọ rí. Ọmọ aládùúgbò ń jó níbi tí wọ́n ti ń sunkún, ó ń sọ òkò ọ̀rọ̀ sí àgbà, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ń pàtẹ́wọ́ fún un: àgbà kan á kàn mi orí, á pa òwe náà, á sì bá tirẹ̀ lọ. Wọ́n máa ń pa á mọ́ olóṣèlú tó ń sọ ìsọkúsọ lórí rédíò, tí gbogbo ìlú ń fi í ṣe ẹ̀rín rín, títí ìbò fi dé, tí aláwàdà wá di gómìnà ẹni.

Àdúrà ni ọ̀pọ̀ ènìyàn fi ń parí ìtumọ̀ rẹ̀: kí Elédùmarè má fi irú rẹ̀ ta wá lọ́rẹ. Àmín. Mi ò kọ àdúrà. Ṣùgbọ́n bí a bá tú òwe náà wò, a ó rí i pé wèrè gan-an kọ́ ló ń bá wí. Wèrè kan náà ló wà ní apá méjèèjì. Ijó kan náà ló ń jó, èébú kan náà ló ń bú, àkísà kan náà ló wà lọ́rùn rẹ̀. Ibi tí àwa dúró sí ló yí padà. Ẹni tó dúró lókèèrè ń gbádùn ara rẹ̀. Ẹni tó bí i kò rí oorun sùn. Bí a bá sì ń rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín náà kò fi hàn pé orí wa pé. Ohun tó fi hàn kò ju pé ọmọ wa kọ́ lọ.

Níbi tí ọgbọ́n òwe náà ti jinlẹ̀ lójú tèmi nìyí. Bí wọ́n bá bi wá pé ta lorí ẹ̀ pé, ta lorí ẹ̀ ò pé, ojú la máa ń kọ́kọ́ fi dájọ́: irun rẹ̀ rí wúruwùru, ó ń dá sọ̀rọ̀, ẹsẹ̀ kan ló wọ bàtà. Òwe gba ẹjọ́ náà lọ́wọ́ ojú, ó gbé e fún ilé. Ẹni tó ń bá a gbé, tó ń fọ aṣọ rẹ̀, tó ń dìde ṣílẹ̀kùn fún un lóru, òun ló mọ̀ bóyá orí rẹ̀ pé. Òun náà ló sì máa kọ́kọ́ mọ̀ lọ́jọ́ tó bá bẹ̀rẹ̀ sí í padà bọ̀ sípò.

Bóyá ohun tó jẹ́ kí Yorùbá ní wèrè aláṣọ nínú oríṣi wèrè tí wọ́n ń kà nìyẹn. Wèrè aláṣọ kì í sùn lábẹ́ afárá. Agbádá rẹ̀ ń dán bí ìgbà tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ lọ̀ ọ́, òun ni wọ́n ń fi ṣe alága níbi ayẹyẹ. Ṣùgbọ́n bí ọkọ̀ rẹ̀ bá ti fun fèrè lẹ́nu géètì, àwọn ọmọ á sá wọ yàrá, ìyàwó á sáré pa tẹlifíṣọ̀n. Ìta ò rí nǹkan kan, ilé mọ̀. (Mi ò ní kí a máa pe gbogbo oníwà burúkú ní wèrè o. Aláìsàn tòótọ́ ni irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ ń ta bá.)

Ilé sì mọ ìyàtọ̀ ju bí a ti rò lọ. Jane Murphy, ọmọ Amẹ́ríkà kan, wà lára àwọn tó ṣe ìwádìí ní àwọn abúlé Yorùbá tó yí Abẹ́òkúta ká ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1960. Nígbà tó máa fi di 1976, àwọn ọ̀mọ̀wé kan lókè òkun ti ń sọ pé wèrè kì í ṣe àìsàn rárá, pé orúkọ lásán ni àwùjọ ń sọ ẹni tí kò bá ṣe bíi tiwọn. Murphy kọ ọ́ sínú ìwé ìròyìn Science lọ́dún náà pé ohun tí Yorùbá ń pè ní wèrè kò jìnnà sí ohun tí àwọn Yupik, tí wọ́n ń gbé nínú yìnyín ní erékùṣù kan lójú òkun Bering, ní orúkọ fún ní èdè tiwọn. Àwọn èèyàn wa ka àmì rẹ̀ fún wọn: kéèyàn máa gbọ́ ohùn tí ẹlòmíràn kò gbọ́, kó máa rẹ́rìn-ín níbi tí kò ti sí ẹ̀rín, kó máa bi ara rẹ̀ ní ìbéèrè kó sì máa dá ara rẹ̀ lóhùn, kó máa ṣa ewé àti igi jọ láìní ohun tó fẹ́ fi wọ́n ṣe, kó da oúnjẹ nù nítorí ó rò pé wọ́n ti fi oògùn sí i, kó bọ́ra síhòhò.

Ẹ wá wo ohun tí wọn kò kà. Ẹni tó kọ̀ tí kò gbéyàwó kò sí níbẹ̀. Ẹni tí kì í lọ sóde, tó jẹ́ pé iṣu rẹ̀ lóko nìkan ló ń bá sọ̀rọ̀, kò sí níbẹ̀. Wọ́n lè ní ó ń ṣe bákan, wọ́n lè máa fi í ṣàwàdà, ṣùgbọ́n wọn ò ní di í lókùn lọ sílé oníṣègùn. Ohùn àjèjì pàápàá, bó bá dá wà, kò tó láti sọ ènìyàn di wèrè. Ẹ wo ẹlẹ́gùn Ṣàngó lọ́jọ́ ọdún. Ó mú iná sẹ́nu, ojú rẹ̀ pọ́n, ohùn tó ń jáde lẹ́nu rẹ̀ kì í ṣe tirẹ̀. Ẹni tí kò mọ ìdí ọ̀rọ̀ á ní kí wọ́n sá. Àwọn ará ilé rẹ̀ kò sá, nítorí wọ́n mọ̀ pé bí ìlù bá dákẹ́, á bọ́ aṣọ òòṣà, á béèrè omi, lọ́tùn-únla á sì jókòó síwájú igbá ata rẹ̀ lọ́jà, á máa ka ṣéńjì fún oníbàárà láìṣì í. Ó lọ, ó sì padà. Ẹni tí orí rẹ̀ dàrú kò mọ ọ̀nà ilé mọ́.

Òwe mìíràn wà tó yẹ ká gbé jókòó ti èyí: wèrè tó bá ti wọ ọjà kò ṣeé wò mọ́. Àwọn kan ní ẹ̀mí àìrí tó ń ná ọjà ló fà á. Mi ò bá wọn jiyàn, ṣùgbọ́n ohun tí èmi mọ̀ pé ó pọ̀ lọ́jà ni ojú. Ará ìlú márùn-ún tàbí mẹ́fà ló wà níbẹ̀. Kí ọjà ọjọ́ náà tó tú, ìròyìn ti dé ilé àna. Oníṣègùn lè fún un ní aṣọ́feyẹjẹ kó sùn, kí ara rẹ̀ rọlẹ̀. (Ewé yẹn kì í ṣe ewé eré: ní 1952 ni wọ́n rí èròjà reserpine nínú gbòǹgbò ẹbí rẹ̀ kan tó wà ní Íńdíà, tí àwọn ilé ìwòsàn òyìnbó fi ń tọ́jú alárùn ọpọlọ fún ọdún mélòó kan.) Ohun tí oníṣègùn kò ní oògùn rẹ̀ ni ojú tó ti rí i.

Ẹ má sì jẹ́ ká fi ojú kékeré wo ọ̀rọ̀ àna yẹn. Kí ìdílé méjì tó so pọ̀, wọ́n á ṣe ìwádìí. Alárinà á rọra béèrè: ṣé kò sí wèrè nínú agboolé yẹn? Ṣé kò sí ẹ̀tẹ̀? Ṣé kò sí wárápá? Bẹ́ẹ̀ ni bàbá tó ní ọmọbìnrin mẹ́ta láti fà fọ́kọ ṣe ń gbé àbúrò wọn ọkùnrin tí orí rẹ̀ yí pa mọ́ sí yàrá ẹ̀yìnkùlé, tó fi ṣẹkẹ́ṣẹkẹ̀ sí i lẹ́sẹ̀, tó sì ń sọ fún àlejò pé ó ti lọ sí Kánò. Kì í ṣe pé kò fẹ́ràn ọmọ náà. Ó ń dáàbò bo àwọn mẹ́ta lọ́wọ́ ojú wa. Nínú irú ilé bẹ́ẹ̀, àwa tí à ń wò la wà nídìí ṣẹkẹ́ṣẹkẹ̀ náà, bí a ò tiẹ̀ fọwọ́ kàn án.

Ẹni tó fi òwe àkọ́kọ́ yẹn ṣe ìṣègùn, bó pa á bí kò pa á, ni Thomas Adéoyè Lámbò. Abẹ́òkúta ni wọ́n bí i sí ní 1923. Ó kọ́ ìmọ̀ ìṣègùn ní Birmingham, ó sì kọ́ ti ọpọlọ ní London. Ṣáájú rẹ̀, ilé tí ìjọba òyìnbó ń kó àwọn alárùn ọpọlọ sí, bíi ti Yábà tí wọ́n ṣí ní 1907, kò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ sí ẹ̀wọ̀n: wọ́n ń tì wọ́n mọ́lé kí ìgboro lè sinmi. Nígbà tí Lámbò dé ilé ìwòsàn ọpọlọ tó wà ní Aró, ní Abẹ́òkúta, ní 1954, kò dúró de bẹ́ẹ̀dì. Ó lọ bá àwọn àgbà abúlé tó wà nítòsí, ó bẹ̀ wọ́n kí wọ́n fi yàrá háyà fún àwọn aláìsàn. Bí ilẹ̀ bá mọ́, aláìsàn á lọ gba abẹ́rẹ́ àti oògùn nílé ìwòsàn; bó bá di ọ̀sán, á padà sábúlé, á bá wọn ṣiṣẹ́ oko, á bá wọn ṣeré. Ó pe àwọn oníṣègùn ìbílẹ̀ náà mọ́ra, inú àwọn dókítà kan kò sì dùn sí i.

Ṣùgbọ́n àdéhùn kan wà tí mo ka sí ọ̀pá àárín ètò náà: aláìsàn kò gbọ́dọ̀ dá wá. Ó kéré tán, ìbátan rẹ̀ kan gbọ́dọ̀ bá a wá, kó máa gbé pẹ̀lú rẹ̀, kó máa se oúnjẹ fún un, kó máa fọ aṣọ rẹ̀, kó máa mú un lọ sílé ìwòsàn láàárọ̀. Ìyá, ẹ̀gbọ́n, ìyàwó, ẹni tó bá ṣáà ti ṣeé fi ṣe ilé. Lámbò kò fi aláìsàn sílẹ̀ fún ẹni tó ń wò. Ó ní kí ẹni tó bí i jókòó tì í. Abúlé náà sì kọ́ láti máa kí aláìsàn ní ẹ kú iṣẹ́. Àwọn dókítà ilẹ̀ òkèèrè wá wo Aró, Lámbò sì dé ipò igbákejì ọ̀gá àgbà ní Àjọ Ìlera Àgbáyé.

Ní ìkòríta kan tí mo máa ń gbà kọjá, ọkùnrin kan wà tó ń darí ọkọ̀. Kò sẹ́ni tó gbà á síṣẹ́. Àwọn awakọ̀ ń kan sáárá sí i, "Ọ̀gá Trafíìkì!", àwọn ọmọ tó ń ta omi inú ọ̀rá ń sín in jẹ. Bí aago méjì bá ti ń lù, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin á dé pẹ̀lú abọ́ àmàlà tí wọ́n fi láílọ́ọ̀nù wé. Kì í pè é lórúkọ tí àwọn awakọ̀ ń pè é. Oríkì rẹ̀ ló fi ń pè é, léraléra, títí á fi kúrò láàárín títì. Á bu omi, á gbé e síwájú rẹ̀, á dúró. Nígbà mìíràn ó máa ń ti ọwọ́ tó dọ̀tí bọ ọbẹ̀ bẹ́ẹ̀. Lọ́jọ́ kan mò ń ra ata lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibẹ̀ nígbà tí obìnrin náà yíjú sí aláta, tó sì sọ ọ́ bí ẹni tó ń ròyìn èsì ìdánwò ọmọ: "Ó fọwọ́ lónìí." Àwa yòókù ò rí ju wèrè tó ń jẹun lọ.

Fóònù ti wá gbé ọjà wọnú àpò gbogbo wa. Wọ́n ń ya fídíò aláìsàn, wọ́n ń fi orin sí i, ó ń kárí ayé. Láyé àtijọ́, ẹni tí ara rẹ̀ bá yá lè kó lọ sílùú mìíràn, kó tún ayé rẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Báyìí, fídíò ti ṣáájú rẹ̀ débẹ̀. Ìjọba ṣe tirẹ̀ díẹ̀: ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2023, Ààrẹ Buhari buwọ́ lu Òfin Ìlera Ọpọlọ, tó rọ́pò òfin àtijọ́ tó ti ọwọ́ òyìnbó wá ní 1916. Òfin lè sọ pé kí ẹnikẹ́ni má ṣe lé alárùn ọpọlọ kúrò lẹ́nu iṣẹ́. Kò lè sọ ohun tí alárinà kò gbọ́dọ̀ béèrè.

Síbẹ̀, mo ní ẹjọ́ kan láti bá òwe náà rò. Ó ní àyè fún ẹni tó ń wò, ó ní àyè fún ẹni tó bí i, kò ní àyè fún wèrè fúnra rẹ̀. Kò sọ ohunkóhun nípa ẹni tí ara rẹ̀ ti yá, tó wá jókòó láàárín wa. Irú rẹ̀ sì pọ̀ ju bí a ti mọ̀ lọ, nítorí wọn kì í sọ. Ohun tí a ń béèrè lọ́wọ́ wọn pọ̀ ju ohun tí àwa fúnra wa lè ṣe. Àwa lè bú awakọ̀, a lè fìbínú gbá ilẹ̀kùn, a lè sọkún níbi òkú títí a ó fi yí nílẹ̀, kò sẹ́ni tó máa wò wá lẹ́ẹ̀mejì. Bí ẹni tó ti ṣàìsàn rí bá ṣe ìdá kan nínú rẹ̀, wọ́n á ní ó ti tún bẹ̀rẹ̀.

Télọ̀ kan wà ládùúgbò wa tó jẹ́ pé ọdún ti gorí ọdún tí ara rẹ̀ ti yá. Oníbàárà kan gbé bùbá àti ìró lọ, ó ní òun á mú owó wá lọ́la, ọ̀la ò dé. Télọ̀ mìíràn á ti pariwo dé ojú títì. Mo bi í léèrè ìdí tí kò fi tíì lọ bá obìnrin náà nílé. Ó ń fi òwú bọ abẹ́rẹ́, kò gbójú sókè. Ó ní ìyàwó òun lòun máa rán. Bí ìyàwó òun bá pariwo níbẹ̀, wọ́n á mọ̀ pé owó ló wá gbà.