Orí, Ẹsẹ̀ àti Ẹni Tó Bọ́ Sẹ́yìn Kámẹ́rà

Bí òṣèré bá kúrò níwájú kámẹ́rà, tó bọ́ sẹ́yìn rẹ̀, tó ń darí eré, tó sì ń wá owó tí yóò fi gbé e jáde fúnra rẹ̀, àwọn kan á ní orí rẹ̀ ló gbé e débẹ̀. Èmi kò bá orí jà. Ohun tí mi ò gbà ni pé orí nìkan ló ṣe é. Ẹ wo Kúnlé Afọláyan. Ó kópa nínú Ṣaworoidẹ tí Túndé Kèlání darí lọ́dún 1999. Ó fiṣẹ́ báńkì sílẹ̀, ó lọ kọ́ṣẹ́ fíìmù ní New York, ó gbé Ìràpadà jáde lọ́dún 2006, Araromire sì tẹ̀ lé e lọ́dún 2009.

Ẹnìkan lè sọ pé ọmọ Adé Love, ẹni tó ṣe fíìmù Kádàrá, ṣáà ni; kí ni ì bá tún ṣe? Àtakò yìí lẹ́sẹ̀ nílẹ̀, ṣùgbọ́n kò rìn jìnnà. Mojí, Àrẹ̀mú àti Gabriel náà, ọmọ bàbá kan náà ni wọ́n, òṣèré sì ni wọ́n, síbẹ̀ ìrìn wọn ò papọ̀. Ohun tí Ifá ń pè ní ẹsẹ̀ ló wà láàárín: akitiyan tí ń mú ohun tí orí yàn ṣẹ. Araromire pàápàá, ìtàn ère òrìṣà tó ń fúnni ní oríire ọdún 7 kí òfò ọdún 7 tó dé, kò dá ẹjọ́ orí àti ẹsẹ̀ yìí. Òǹwòran ló bi léèrè. Èmi ti dá tèmi: kò sí ère kankan tó bá Afọláyan wá owó fíìmù náà.