Ìràwọ̀ Pupa àti Owó Ọdẹ

Èmi ni mo dá a lábàá pé ká má san owó ọdẹ mọ́. Ẹ jẹ́ kí n tètè jẹ́wọ́ ìyẹn, torí ọ̀rọ̀ ìwé ni mo fẹ́ sọ, ẹni tó bá sì ń sọ̀rọ̀ ìwé máa ń rí ẹ̀yìn ìwé sá pamọ́ sí.

Dragonflight ni orúkọ ìwé náà. Anne McCaffrey, òǹkọ̀wé ará Amẹ́ríkà, ló gbé e jáde ní 1968. Èyí tó dé ọwọ́ mi ò ní èèpo ẹ̀yìn mọ́, ọ̀dọ̀ àwọn tó ń tẹ́ ìwé àlòkù sílẹ̀ tà ni mo ti rà á. Ayé kan tó ń jẹ́ Pern ni ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀. Rukbat ni oòrùn wọn (ìràwọ̀ tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀ wà lójú ọ̀run tiwa yìí náà lóòótọ́), àmọ́ obìnrin náà fi nǹkan kan tí òun fúnra rẹ̀ hùmọ̀ kún un: Ìràwọ̀ Pupa. Wọ́n kàn ń pè é ní ìràwọ̀ ni o. Ayé mìíràn ni, ọ̀nà tó ń gbà yí oòrùn ká gùn gan-an, 250 ọdún ló ń gbà kó tó padà. Tó bá ti sún mọ́ Pern, nǹkan bí òwú fàdákà á máa já bọ́ látòkè fún nǹkan bí 50 ọdún. Ohun tí òwú yẹn bá bà lé, ewéko ni o, ẹran ni o, ènìyàn ni o, jíjẹ ló ń jẹ ẹ́ run. Kò rí òkúta àti irin jẹ ṣá. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń gbé inú àpáta, tí wọn kì í sì í jẹ́ kí koríko hù nítòsí ẹnu ọ̀nà. Ìdí nìyẹn náà tí wọ́n fi ń sin dírágónì. Dírágónì á jẹ irú òkúta kan, iná á máa tẹnu rẹ̀ jáde, á sì jó òwú náà lókè kó tó kanlẹ̀.

Ẹni tó ń gun dírágónì ò ráyè dáko. Àwọn ìlú ló ń bọ́ wọn, ìdámẹ́wàá ni wọ́n ń san, bẹ́ẹ̀ ni, ìdámẹ́wàá. Ta ló máa bá ẹni tó ń pa iná lórí òrùlé rẹ̀ ṣàríyànjiyàn lórí oúnjẹ?

Ìgbà kan wá dé tí ìràwọ̀ yẹn gba ibi tó jìnnà kọjá, òwú ò bọ́. Ó di 400 ọdún. Ẹ ro iye bàbá àti baba ńlá tó wà nínú 400 ọdún! Koríko ti hù dé ẹnu ọ̀nà. Ibùdó mẹ́fà ni àwọn tó ń gun dírágónì ní, Weyr ni wọ́n ń pe ibùdó bẹ́ẹ̀. Márùn-ún ti ṣófo, Benden nìkan ló kù, ebi sì ń pa á. F'lar, tó jẹ́ ọ̀kan lára wọn, ń pariwo pé ìràwọ̀ ń bọ̀. Àwọn olórí ìlú ò gbọ́. Wọ́n tiẹ̀ kó ọmọ ogun lọ bá a.

Inú bí mi sí àwọn olórí ìlú yẹn nígbà tí mo ń kà á. Mo ń pè wọ́n ní òpònú. Ìgbà tó yá ni mo rántí ilé wa.

Yàrá méjìlá ló wà nínú ilé wa tó wà níta ọgbà. Bàbá kan ló ń ṣọ́ ọ lóru, Bàbá Ọdẹ là ń pè é, tọ́ọ̀ṣì kan, fèrè kan, ẹní kan. Oṣooṣù là ń dáwó fún un. Lọ́jọ́ ìpàdé, mo dìde, mo ń rojọ́ bíi lọ́yà: ọdún mẹ́ta rèé, olè kankan ò wá, irin wà lójú fèrèsé, bàbá yìí gan-an ń sùn. Lóòótọ́ ló ń sùn, ẹ̀ẹ̀mejì ni mo ti ibi ìwé kíkà lóru bọ̀ tí mo bá a lójú oorun. Mo ní ńṣe ló kàn ń jẹ owó wa lásán. Wọ́n pàtẹ́wọ́. Wọ́n dìbò. Wọ́n wá ní kí èmi lọ sọ fún un, ṣebí èmi lẹnu mi dùn. Bàbá ní, "Ó dáa, ọmọ mi. Ẹ̀yin lẹ mọ̀." Ó ká ẹní rẹ̀. Ó tún yíjú padà: "Ẹ máa rántí ti géètì o."

Ká ní inú ìwé ni, olè ì bá ti wọlé lọ́sẹ̀ kejì. Kò wá. Títí mo fi ń kọ èyí, kò tíì wá. Ṣé mo jàre nìyẹn?

Ohun tí mò ń rò lóru nìyí. F'lar jàre torí pé ẹni tó ń kọ ìtàn wà lẹ́yìn rẹ̀. McCaffrey ló dá ìràwọ̀ náà, òun ló mọ ọjọ́ tó máa dé. Òkúta kan tiẹ̀ wà ní Benden tó ní ihò bí ojú. Tí ìràwọ̀ bá ti yọ sínú ihò yẹn láfẹ̀mọ́júmọ́, ó ti ń bọ̀ nìyẹn. Ta ló gbẹ́ irú òkúta bẹ́ẹ̀ fún olè? Àwọn àgbà ní ogun àgbọ́tẹ́lẹ̀ kì í pa arọ tó bá gbọ́n. Òótọ́ ni, àmọ́ òwe yẹn ò sọ ohun tí arọ jẹ ẹni tó kìlọ̀ fún un, bí ogun bá kọ̀ tí ò dé.

Ẹnì kan máa ní olè ò wá torí pé ọdẹ wà níbẹ̀. Ó lè rí bẹ́ẹ̀, iṣẹ́ ọdẹ tó dáa kì í ní ẹ̀rí. Àmọ́ ká má parọ́, kì í ṣe dírágónì ló lé òwú sẹ́yìn fún 400 ọdún. Ìràwọ̀ ló jìnnà. Àwọn fúnra wọn mọ̀ ọ́n lára. (Ẹni tí kò bá tíì ka ìwé náà, kó fo ibí yìí.) Lessa gun dírágónì rẹ̀ padà sẹ́yìn, 400 ọdún gbáko, ó lọ bẹ àwọn Weyr márùn-ún pé kí wọ́n bá òun wá síwájú. Wọ́n gbà, torí òwú ti dáwọ́ dúró lọ́dọ̀ wọn, ọwọ́ wọn dilẹ̀, ayé sì ti sú wọn. Ohun tó sọ ibùdó márààrún di òfìfo nìyẹn. Nígbà tí mo ka ibẹ̀ ni mo tún rántí oorun Bàbá Ọdẹ. Ẹni tá a gbé síbi tí nǹkan kan kì í ṣẹlẹ̀, kí la fẹ́ kó máa wò?

Mi ò sọ pé kò sí ọjọ́ tá a lè dá ọdẹ dúró. Nínú All the Weyrs of Pern, tó jáde ní 1991, wọ́n ti Ìràwọ̀ Pupa kúrò lọ́nà rẹ̀ pátápátá, òwú máa tán. Nígbà tí The Skies of Pern fi máa jáde ní 2001, ìbéèrè ibẹ̀ ni pé kí ni kí ẹni tó ń gun dírágónì máa ṣe báyìí. McCaffrey tún rán nǹkan mìíràn láti ojú ọ̀run, ó já sínú òkun, omi ya bo ilẹ̀, wọ́n wá ríṣẹ́ tuntun: wọ́n á máa ṣọ́ ojú ọ̀run. Ó ṣàánú wọn jàre. Ta ló rán nǹkan sí Bàbá Ọdẹ?

Ẹ̀ṣẹ̀ mi ni pé mo ní ó ń jẹ owó wa lásán. Òru la rà lọ́wọ́ rẹ̀, a ò ra olè. Ó sì kó òru náà fún wa, ọdún mẹ́ta, òjò àti ọyẹ́, ì báà jẹ́ pé ó sùn nínú díẹ̀. Ìṣirò tí mo ṣe nípàdé dáa, àmọ́ ìbéèrè mìíràn ló dáhùn.

Mo ti ń kan ilẹ̀kùn kiri pé ká dá owó oṣù méjì fún bàbá. Ẹnì kan bi mí pé ṣé olè ti wá ni. Yàrá mẹ́rin ló ti san, tèmi wà nínú rẹ̀.