Ohun Tí A Fẹ́ Wò, Tí A Kò Fẹ́ Kí Ọmọ Wa Ṣe

Ọ̀rọ̀ kan wà tí ó yẹ kí a jọ yẹ̀ wò, ẹ̀yin òǹkàwé mi. Bí iṣẹ́ kan bá dára fún wa láti wò, kí ló dé tí kò fi dára fún ọmọ wa láti ṣe? Iṣẹ́ tíátà ni mo ń wí, pàápàá bí ó bá jẹ́ ọmọbìnrin ló fẹ́ ṣe é. Ní Ararọ̀mí etí òkun níbí, bí fídíò bá ń lọ lọ́wọ́ nínú ilé kan, yàrá kì í gba èèyàn. Ìyá ń sunkún, bàbá ń rẹ́rìn-ín, ọmọdé ń pariwo. Ṣùgbọ́n kí ọmọbìnrin ilé náà là á mọ́lẹ̀ pé, "Màámi, iṣẹ́ yìí ni mo fẹ́ ṣe," ẹ ó gbọ́ èsì: "Olúwa má jẹ̀ẹ́! Ṣé ìsọkúsọ lo fẹ́ yà ni?" Ojú kan náà tí ó ń sunkún fún òṣèré lẹ́ẹ̀kan ti le koko.

Ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe ti òní. Ní ọdún 1944 ni Hubert Ògúndé gbé eré rẹ̀ àkọ́kọ́ jáde ní Èkó. Ní ọdún 1945 ó dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀, ó sì ń fẹ́ obìnrin tí yóò máa gba owó oṣù. Ó polówó nínú ìwé ìròyìn pé òun ń wá òṣèré obìnrin. Wọn kò dá a lóhùn. Ó yí ìpolówó náà padà, ó ní akọ̀wé obìnrin ni òun ń wá. Háà, wọ́n jáde! Ìgbà tí àwọn òbí wá mọ̀ pé ijó ni iṣẹ́ náà, kì í ṣe ìwé kíkọ, ọ̀rọ̀ di ariwo. Alárìnjó ni wọ́n ka irú àwọn bẹ́ẹ̀ sí, ẹni tí ń rìn láti ìlú dé ìlú bí alágbe. Ọgbọ́n tí Ògúndé wá dá ni pé ó fẹ́ wọn níyàwó. Ariwo rọlẹ̀.

Ọ̀kan nínú wọn ni Clementina Oguntimirin, ẹni tí a wá mọ̀ sí Adéṣẹwà Ògúndé, tí àwọn èèyàn ń pè ní Mama Èkó. Ó wà lára àwọn obìnrin àkọ́kọ́ tí ó fi eré orí ìtàgé ṣe iṣẹ́ oòjọ́ ní Nàìjíríà. Ẹ ro ohun tí iṣẹ́ náà jẹ́ wò. Wọ́n ń ṣeré lálẹ́, wọ́n ń di ẹrù, wọ́n ń gba ọ̀nà ìlú mìíràn lọ. Ní ọdún 1964, ìjọba Ìwọ̀ Oòrùn fòfin de ẹgbẹ́ Ògúndé nítorí eré Yorùbá Ronú, òfin náà kò sì ká títí di 1966. Ẹgbẹ́ náà kò tú. Ní ọdún 1970, ìjàm̀bá ọkọ̀ pa Adéṣẹwà nígbà tí wọ́n ń lọ ṣeré ní Iléṣà. Ẹnu iṣẹ́ ló kú sí. Ògúndé fi eré Àyànmọ́ ṣe ìrántí rẹ̀.

Mo bọ̀wọ̀ fún Ògúndé, ṣùgbọ́n mo ní ìbéèrè kan. Irú iyì wo ni iyì tí obìnrin kò lè ní àfi bí ó bá kọ́kọ́ ní ọkọ? Ijó tí ó jó lánàá náà ló ń jó lónìí. Orin kò yàtọ̀, aṣọ kò yàtọ̀. Orúkọ ọkùnrin tí wọ́n so mọ́ ọn nìkan ló yàtọ̀. Ògúndé fúnra rẹ̀ fi iṣẹ́ ọlọ́pàá sílẹ̀ nítorí tíátà. Ta ló ní kí ó lọ fẹ́yàwó ná kí a tó kà á sí ọmọlúàbí?

Kì í ṣe àwa nìkan náà. Ní Íńdíà, nígbà tí Phalke fẹ́ ṣe sinimá Raja Harishchandra ní ọdún 1913, kò rí obìnrin tí yóò ṣe ayaba. Ọkùnrin kan, Anna Salunke, ló wọṣọ obìnrin. Nínú sinimá rẹ̀ tí ó tẹ̀ lé e ni Durgabai Kamat àti ọmọ rẹ̀ obìnrin, Kamlabai, tó gbà láti jáde. Nígbà tó yá, Nargis dé. Akọrin ni Jaddanbai, ìyá rẹ̀, láti inú àwọn obìnrin tí àwọn ọlọ́lá ibẹ̀ ń gbọ́ orin wọn lálẹ́, tí wọn kì í sì fẹ́ kí wọ́n wọ ẹbí àwọn. Ní ọdún 1957, Nargis ṣe ìyá nínú Mother India, ìyá tí ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ yìnbọn pa ọmọ rẹ̀ tí ó di ọlọ́ṣà, nítorí pé ó fẹ́ gbé ọmọbìnrin ìlú sá lọ. Sinimá náà dé Nàìjíríà, pàápàá òkè Ọya, wọn kò sì yéé wò ó fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ní 1980, wọ́n yan Nargis sí ilé aṣòfin àgbà ní Íńdíà. Ó kú ní 1981. Ọmọ obìnrin tí wọn kì í fẹ́ kó wọ ẹbí ló wá ṣojú ìyá fún orílẹ̀-èdè.

Kí ni ohun tí a kórìíra nínú iṣẹ́ náà gan-an? Bí ẹ bá ní ìrìn àjò ni, àwọn obìnrin Ìlàjẹ ń kó ẹja yíyan àti edé sínú ọkọ̀ ojú omi lóru, wọ́n ń gba Igbókòdá lọ. Ta ló pè wọ́n ní oníranù? Bí ẹ bá ní ewu ni, òtítọ́ ni, mi ò jiyàn. Àwọn ọkùnrin kan wà nídìí tíátà tí ń béèrè ohun tí kò yẹ lọ́wọ́ ọmọdébìnrin kí wọ́n tó fún un níṣẹ́. Ṣùgbọ́n ewu yàtọ̀ sí ẹ̀tẹ́. Gbogbo wa ní Ararọ̀mí la mọ̀ pé òkun ń pa èèyàn. A ń bẹ̀rù rẹ̀ fún ọmọ wa, a ń gbàdúrà bí wọ́n bá ń lọ, a ń wo ojú omi títí wọn ó fi dé. Síbẹ̀ a kì í fi òkun bú apẹja. Ẹni tó bá sì ṣìkà fún ọmọdébìnrin, òun ló ni ẹ̀tẹ́, kì í ṣe ọmọ náà. Nígbà tí a bá kó ẹ̀tẹ́ lé ọmọ lórí, ìkà náà la gbèjà: ọmọ náà kò ní lè sọ fún wa mọ́, nítorí ó mọ̀ pé òun la ó bá wí.

Nítorí náà, bí ọmọ rẹ bá ní tíátà lòun fẹ́ ṣe, bi í ní ìbéèrè ewu. Ta ni ọ̀gá rẹ? Níbo lo máa sùn? Èló ni wọn ó san, ta ló kọ ọ́ sílẹ̀? Bí nǹkan bá yí, báwo lo ṣe máa délé? O tilẹ̀ lè sọ pé rárá, pé kò tíì tó àkókò. Òbí lẹ́tọ̀ọ́ sí i. Ṣùgbọ́n má ṣe pè é ní orúkọ tí o kò lè pe òṣèré tí o sanwó wò. Bí ó bá sì dá ọ lójú pé iṣẹ́ ẹ̀tẹ́ ni, dìde, lọ pa fídíò náà.