Ìtàn Ẹ̀yìn Kíláàsì

Bí a bá fara balẹ̀ pa eèrà, a ó rí ìfun nínú rẹ̀. Òwe yìí ló yẹ kí ẹni tó fẹ́ sọ ìtàn ilé ìwé máa rántí. Nígbà tí ìjọba Ẹkùn Ìwọ̀-Oòrùn Nàìjíríà bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ ní oṣù kìíní ọdún 1955, ọ̀pọ̀ ọmọ àgbẹ̀ ráyè wọ kíláàsì. Ìtàn àwọn olóṣèlú tó dá ètò náà sílẹ̀ pọ̀ lẹ́nu wa, ṣùgbọ́n ìtàn ìdí àmù omi àti ẹ̀yìn kíláàsì kò tó nǹkan. Bẹ́ẹ̀ ibẹ̀ gan-an ni ìwà ọmọ ti ń hàn, nítorí kò sí olùkọ́ tí yóò máa ṣe ojú ayé fún.

Ká mú Ayété, olú ìlú ìjọba ìbílẹ̀ Àríwá Ìbàràpá. Ká ní ọmọ méjì ń gbálẹ̀ ẹ̀yìn kíláàsì kí wọ́n tó lu agogo. Ọ̀kan ti kọ́kọ́ bá bàbá rẹ̀ dé oko ẹ̀gẹ́, ó ti rẹ̀ ẹ́. Èkejì gba ìgbálẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì gbá apá ti ẹni àkọ́kọ́ mọ́ tirẹ̀. Ìtàn ti pé. Òǹkọ̀wé tó bá tún ń ṣàlàyé pé ìfẹ́ nìyẹn ti gba iṣẹ́ òǹkàwé ṣe.

Àwọn kan yóò ní ìtàn tí kò ní ìjà kì í dùn. Ṣùgbọ́n nínú Aké, ìwé tí Wọlé Ṣóyínká tẹ̀ jáde ní 1981, ọmọ tí kò tíì pé ọdún mẹ́ta kó ìwé bàbá rẹ̀, ó tẹ̀lé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lọ sílé ìwé. Ẹnikẹ́ni kò bá a jà, síbẹ̀ a fẹ́ mọ ibi tí yóò já sí. Àtakò kejì wúwo jù: wọ́n ní irú ìtàn bẹ́ẹ̀ ń bo ìyà ilé ìwé mọ́lẹ̀. Òótọ́ ni pé ẹni tó bá sọ òrùlé tó ń jò di ẹwà lásán, irọ́ ló pa. Àmọ́ ẹni tó wo ẹ̀yìn kíláàsì dáadáa kò lè ṣàìrí òrùlé yẹn. Kó sọ ọ́ bó ṣe rí, ẹ̀bi yóò mọ olówó rẹ̀.

Ogún ọmọdé kì í ṣeré fún ogún ọdún. Akínwùmí Ìṣọ̀lá mú orúkọ ìwé rẹ̀, Ogún Ọmọdé, láti inú òwe yìí. Kí olùkọ́ àti òǹkọ̀wé Ìbàràpá kọ ìtàn àwọn ọmọ wọ̀nyí báyìí, kí wọ́n tó tú ká lọ sí Ìbàdàn àti Èkó.