Afọ́jú, Arọ, Odi: Ohun Tí Ẹnu Wa Ń Fi Wọ́n Ṣe

Ọ̀rọ̀ tí a fẹ́ gbé yẹ̀ wò lóṣù yìí kò jẹ mọ́ ìrun tàbí ààwẹ̀; ọ̀rọ̀ ẹnu wa ni. Orúkọ tí à ń pe ẹni tí ojú rẹ̀ kò ríran, tàbí ẹni tí ẹsẹ̀ rẹ̀ kò gbé e, ṣé orúkọ lásán ni, àbí ó ń kọ́ wa ní bí a ó ṣe máa ṣe sí i? Àwọn kan nínú yín yóò ní, "Ẹ̀yin àáfà, ẹ tún ti dé. Ọ̀rọ̀ kì í kúkú ṣe òkúta." Ẹ fara balẹ̀ bá wa kálọ.

Ẹ jẹ́ kí á kọ́kọ́ wo èdè Yorùbá fúnra rẹ̀. A máa ń sọ pé ènìyàn yarọ, pé ó yadi, pé ó yàgàn. Ọ̀rọ̀ kan náà yìí ni a fi ń sọ pé ènìyàn ya ọ̀lẹ, tàbí pé ó ya òmùgọ̀. Ẹni tí ó ya ọ̀lẹ, ọwọ́ ara rẹ̀ ni ó fi ṣe é. Ẹni tí ó yarọ, ọwọ́ tirẹ̀ kò sí níbẹ̀. Ṣùgbọ́n ọmọdé tí ń kọ́ èdè kò mọ ìyàtọ̀ yẹn. Inú agbọ̀n kan náà ni ó ti bá gbogbo wọn. Ọ̀rọ̀ tí a sì ń lò fún ojú tí ó fọ́, òun náà ni a ń lò fún ìkòkò àti igbá, a sì mọ ibi tí à ń da àkúfọ́ sí.

Àwọn ọ̀rọ̀ tí a fi ń bọ̀wọ̀ pàápàá, ẹ tú wọn wò. "Aláàbọ̀ ara" ni ẹni tí ara rẹ̀ jẹ́ ààbọ̀. "Abirùn" ni ẹni tí àrùn ń bẹ lára rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ẹni tí wọ́n bí láìríran lè lo odidi ọdún kan kí orí má fọ́ ọ. "Akàndá ẹ̀dá" ni ó wọ́pọ̀ lórí rédíò lónìí, àwa náà gbà pé ó sàn ju àwọn tó kù lọ. Síbẹ̀, ẹni tí ọ̀kadà gbá lójú ọ̀nà, tí wọ́n gé ẹsẹ̀ rẹ̀, ta ni ó dá a lákàndá? Ènìyàn bíi tiwa ni, tí ó ń rin ọ̀nà tí gbogbo wa ń rìn.

Kí ẹnikẹ́ni má rò pé à ń sọ pé èdè àwọn baba wa burú. Àwọn náà ni wọ́n pa á lówe pé wọ́n kí amúkùn-ún pé ẹrù rẹ̀ wọ́, ó ní òkè ni wọ́n ń wò, wọn kò wo ìsàlẹ̀. Nínú òwe yìí, amúkùn-ún ni olùkọ́, àwọn tí ẹsẹ̀ wọn gún ni akẹ́kọ̀ọ́. A ń pa á sí ọ̀rọ̀ ìjọba, a ń pa á sí ọ̀rọ̀ tọkọtaya, ṣùgbọ́n tí amúkùn-ún gan-an bá ń kọjá lọ, a kì í rántí pé òun ni ó ni òwe. Ẹnu kan náà sì ni ó ń sọ pé adẹ́tẹ̀ kò lè fún wàrà ṣùgbọ́n ó lè yí i dànù. Nígbà tí ìbínú bá dé, èwo ni ó máa ń yá wa lẹ́nu? "Ṣé o fọ́jú ni?" "Ṣé etí ẹ di ni?" Ẹni tí a ń bú ríran, ó sì gbọ́ràn, ẹni tí kò ríran ni a sọ di pàṣán tí a fi nà án.

Ohun tí ó ń dùn wá jù kéré lójú ọ̀pọ̀ ènìyàn. Yorùbá kì í fi "ẹ" ṣeré. Ọmọ tí ó bá pe bàbá arúgbó ní "o", ilé ni yóò ti gba ìyà rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ dúró sí ọ̀nà ọjà Èjìgbò kí bàbá arúgbó kan tí ọmọdé ń fi ọ̀pá fà máa bọ̀. Ẹ ó gbọ́: "Afọ́jú yẹn ti dé. Fún un ní náírà, kó máa lọ." Ewú ń bẹ lórí rẹ̀, irùngbọ̀n ń bẹ lágbọ̀n rẹ̀, ó bí ọmọ, ó ní àrọ́mọ. Ojú rẹ̀ nìkan ni kò ríran, a sì ti gba "ẹ" lọ́wọ́ rẹ̀ mọ́ ọn.

Níbo ni ìwà yìí ti wá? Àwa tí a wà ní Ìsundúnrin àti gbogbo agbègbè Èjìgbò kò níláti rìn jìnnà láti mọ̀ ọ́n. Ìlú Òrìṣà Ògìyán ni Èjìgbò. Orúkọ yìí náà ni oyè ọba ìlú ń jẹ́. Àwọn tí ó ń bọ ọ́ kà á mọ́ àwọn òrìṣà funfun, ẹbí Ọbàtálá, ẹni tí wọ́n ní ó ń mọ ènìyàn. Ìtàn wọn ni pé Ọbàtálá mu ẹmu yó lọ́jọ́ kan, ọwọ́ rẹ̀ kò wá dúró mọ́. Ọjọ́ náà ni ó mọ abuké, arọ àti àfín. Ìdí nìyí tí wọ́n fi ń pè wọ́n ní ẹni òrìṣà. Mùsùlùmí kò lè gba èyí. Ọlọ́hun tí ó ń yà wá ní àwòrán nínú ilé-ọmọ bí Ó ti fẹ́, kì í yó, ọwọ́ Rẹ̀ kì í sì í gbọ̀n.

Ṣùgbọ́n ẹ má tíì ṣí ìwé náà kọjá. Ìtàn tí a kọ̀ yìí ní iṣẹ́ kan tí ó ń ṣe. Ẹni òrìṣà, èèwọ̀ ni láti fi í ṣẹ̀sín; ẹni tí ó bá rẹ́rìn-ín abuké, ẹ̀rù òrìṣà a máa bà á. Ìbọ̀wọ̀ tí ẹ̀rù bí ni, a kò ní pè é ní ẹ̀tọ́, ṣùgbọ́n ó bo àwọn ènìyàn náà láṣírí. Nígbà tí a gba Ìsìláámù, a kó òrìṣà dànù, ohun tí ó dára ni. Kí ni a wá fi dí àyè ẹ̀rù náà? Tí a bá fẹ́ sọ òtítọ́, nínú ọ̀pọ̀ ilé Mùsùlùmí, a kò fi nǹkan kan dí i. Ọ̀wọ̀ ti lọ, ṣùgbọ́n èrò pé ọwọ́ kan ṣì ṣe kù síbẹ̀. Nísinsìnyí, ìyá ọmọ ni a di ẹrù náà rù: ó rìn ní ọ̀sán gangan nígbà tí ó lóyún, tàbí ayé ni, tàbí èpè.

Ẹ wo ọ̀rọ̀ àfín. Gbogbo ayé ní àfín kì í jẹ iyọ̀. Iyọ̀ kò ṣe awọ àfín ní ohunkóhun. Ohun tí ó ń fún awọ ní dúdú ni kò tó lára rẹ̀, láti ara ìyá àti baba méjèèjì ni ó sì ti jogún rẹ̀; oòrùn ni ọ̀tá rẹ̀, tí ó ń jó awọ náà títí ó fi lè di jẹjẹrẹ. Ojú rẹ̀ kì í sì í ríran jìnnà. Ìyá tí ó ń ṣọ́ iyọ̀ lójú méjèèjì yóò rán ọmọ náà lọ pọn omi ní ọ̀sán láìdé fìlà. Tí ó bá dé ilé-ìwé, wọn a fi í sí ẹ̀yìn kíláàsì, níbi tí kò ti lè rí pátákó, wọn a wá ní olódo ni. Ọ̀rọ̀ rọmọlápá-rọmọlẹ́sẹ̀ náà kò yàtọ̀. Kòkòrò àìfojúrí tí ń bá omi àti oúnjẹ ẹlẹ́gbin wọ ara ni ó ń fà á. Abẹ́rẹ́ àjẹsára lé e lọ, títí àjọ ìlera àgbáyé fi kéde ní oṣù kẹjọ ọdún 2020 pé irú rẹ̀ ti ìpilẹ̀ṣẹ̀ ti kúrò ní Áfíríkà. Ọ̀pọ̀ àwọn tí ó ti rọ lẹ́sẹ̀ ṣáájú ìgbà yẹn ti di àgbà, àwọn ará àdúgbò sì tún ń sọ ọ́ wúyẹ́wúyẹ́ pé ìyá wọn mọ ohun tí ó ṣe.

Ó yẹ kí àwa ọmọ kéwú tún Súúrà Abasa, Súúrà 80, kà. Ànábì wa (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a) ń bá àwọn ọlọ́lá Kùráíṣì sọ̀rọ̀, ó ń retí pé wọn yóò gba ẹ̀sìn. Ni Abdullahi ọmọ Ummu Maktum, tí kò ríran, bá wọlé dé, tí ó ń béèrè ìmọ̀. Ànábì fajú ro, ó sì yí kúrò. Ìbáwí sọ̀kalẹ̀ lórí èyí. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ wò ó dáadáa: ẹni tí wọ́n fajú ro sí kò rí ojú náà. Kò sí ẹni tí ó bú u, kò sí ẹni tí ó tì í. Tí ó bá jẹ́ pé ohun tí ó dun ẹnì kejì nìkan ni a ó bi wá, kí ni ìbáwí ń wá níbẹ̀? Ẹ tún wo ọ̀rọ̀ tí Ọlọ́hun lò: "al-a'amaa", afọ́jú gan-an, láìwá orúkọ mìíràn bò ó. Orúkọ náà wà níbẹ̀, ọ̀wọ̀ sì wà níbẹ̀ pẹ̀lú.

Ọkùnrin yìí kan náà di ládàánì ní Mẹ̀dínà pẹ̀lú Bilal. Òru ni Bilal máa ń pe tirẹ̀. Ànábì sì sọ fún àwọn ènìyàn pé kí wọ́n máa jẹ, kí wọ́n máa mu, títí wọn yóò fi gbọ́ ohùn ọmọ Ummu Maktum. Kò lè rí i pé ilẹ̀ mọ́. Àwọn ènìyàn a sọ fún un pé ilẹ̀ ti mọ́, òun a wá kéde rẹ̀ fún gbogbo ìlú. Nígbà tí Ànábì bá rìnrìn àjò, ó ti fi í ṣe adelé ní Mẹ̀dínà rí.

Ọ̀dọ́ kan bi wá lẹ́yìn wáàsí pé, ṣebí Àlùkùránì fúnra rẹ̀ pe àwọn aláìgbàgbọ́ ní adití, odi àti afọ́jú? Ìbéèrè gidi ni. Àwọn tí aaya náà ń bá wí ní etí tí ó gbọ́ràn àti ojú tí ó ríran. Kíkọ̀ ni wọ́n kọ̀. Súúrà Haj sì là á mọ́lẹ̀ pé ọkàn inú àyà ni ó ń fọ́jú, kì í ṣe ojú. Ẹni tí etí rẹ̀ di láti inú oyún wá kò sí nínú ìbáwí yẹn rárá.

Àwọn onímọ̀ hàdíìsì kò sá fún orúkọ pẹ̀lú. Ẹ̀yin tí ẹ ti ka hàdíìsì mọ Al-A'amash, ẹni tí ojú rẹ̀ kò dá, ẹ sì mọ Al-A'araj, arọ. Ìmọ̀ kọjá lọ́dọ̀ wọn dé ọ̀dọ̀ wa. Imaamu Nawawi ṣàlàyé rẹ̀ nínú Riyadh as-Salihin pé a lè lo irú orúkọ bẹ́ẹ̀ kí a fi dá ènìyàn mọ̀, ṣùgbọ́n ó di èèwọ̀ tí a bá fi ń bu ènìyàn kù. Tí ọ̀nà mìíràn bá sì wà láti fi dá a mọ̀, òun ni ó dára jù. Àwọn onímọ̀ ní kí ẹni tí ó bá rí ẹni tí ìdánwò dé bá dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́hun nínú ara rẹ̀, kí onítọ̀hún má gbọ́. Tiwa ńkọ́? Ojú ọjà ni a ti ń pariwo pé "Ọlọ́hun má jẹ̀ẹ́!" tí a sì ń gbá ikùn mú.

Ẹnu kò dá dúró, ó ní ilé tí ó ń kọ́. Lọ́jọ́ Jímọ̀, a ń kó sàráà jáde fún arọ tí ó jókòó sí ẹ̀gbẹ́ bàtà wa. Kí ni ó dé tí ó fi jókòó síbẹ̀? Àtẹ̀gùn mọ́sálásí ni. Àwa ni a kọ́ ọ, a sì dáwó sí i. Òfin tí ó de ìyàsọ́tọ̀ sí àwọn akàndá ẹ̀dá ní Nàìjíríà, tí Ààrẹ Buhari fọwọ́ sí ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2019, fún àwọn ilé tí gbogbo ènìyàn ń lò ní ọdún 5 láti ṣe ọ̀nà tí wọn yóò máa gbà wọlé. Ọdún 5 náà ti pé láti 2024. Báàgì sìmẹ́ǹtì mélòó ni yóò ṣe gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ àtẹ̀gùn?

Ilé kéwú tiwa gan-an wá ńkọ́? Afọ́jú kò ṣòro fún wa láti gbà, nítorí etí ni a fi ń há Àlùkùránì. Ta Ha Husayn, tí wọ́n bí ní Íjíbítì ní 1889, fọ́jú ní kékeré nígbà tí onígbàjámọ̀ tọ́jú ojú tí ń dùn ún. Ilé kéwú abúlé ni ó ti bẹ̀rẹ̀, ó sì di mínísítà ètò ẹ̀kọ́ ní 1950. Adití ni a kò mọ ohun tí a ó fi ṣe. Èdè wa tilẹ̀ ti dá ẹjọ́ rẹ̀: ẹni tí kò gbọ́ràn, "odi" ni a ń pè é, bí ẹni pé kò ní ọ̀rọ̀ kankan nínú. Ìyá kan mú ọmọbìnrin rẹ̀ tí kò gbọ́ràn lọ sí ilé kéwú kan ní agbègbè wa. Wọ́n ní odi kì í ké kéwú, kí ó mú un lọ kọ́ aṣọ rírán. Ọmọ náà àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ń fi ọwọ́ sọ̀rọ̀ láti òwúrọ̀ dé alẹ́, wọ́n ń jà, wọ́n ń parọ́ mọ́ra wọn, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Odi wo ni ìyẹn?

Ní Adamorobe, abúlé kan ní Gánà tí kò jìnnà sí Accra, àwọn tí kò gbọ́ràn pọ̀ láti ìran dé ìran. Èdè ọwọ́ tiwọn wà níbẹ̀, ọ̀pọ̀ àwọn tí ó gbọ́ràn sì gbọ́ ọ. Lọ́dọ̀ wa, Andrew Foster, ọmọ Amẹ́ríkà tí òun náà kò gbọ́ràn, dá ilé-ẹ̀kọ́ adití sílẹ̀ ní Ìbàdàn ní 1960. Ní 1977 ni wọ́n dá kọ́lẹ́ẹ̀jì ìjọba àpapọ̀ tí ń kọ́ àwọn olùkọ́ akàndá ẹ̀dá sílẹ̀; Ọ̀yọ́ ni ó wà, Ọ̀yọ́ kò sì jìnnà sí wa. Ní Mọ́sálásí ńlá Mẹ́kà, wọ́n ń fi èdè ọwọ́ túmọ̀ kútúbà Jímọ̀.

Ọ̀dọ̀ wa ni ọmọbìnrin náà wà báyìí. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ń jókòó tì í, ó ń fi ọwọ́ sọ ohun tí a bá wí fún un. Àwọn bàbá nínú ìgbìmọ̀ ilé kéwú béèrè pé kí ni yóò ṣe lọ́jọ́ wòlímọ̀, nígbà tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ bá dìde tí wọ́n ń kà ketekete. A ní kí wọ́n gbé wàláà àti tàdáwà síwájú rẹ̀, kí ó kọ tirẹ̀ lójú gbogbo ènìyàn. Àwọn kan ti gbà. Àwọn kan ní àwọn ṣì ń rò ó. Ó ti kọ Fátíhà láìwo ìwé. Súúrà Ìkíláàsì ni ó ń kọ lọ́wọ́.